Kásẹ́ẹ̀tì 38 tí bàbá mi fi sílẹ̀: kí la lè ṣe kó má bàjẹ́ mọ́ wa lọ́wọ́?

ỌmọÌsẹ́yìn:
Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi. Ìmọ̀ràn ni mo wá tọrọ, ọ̀rọ̀ ọ̀hún gùn díẹ̀, ẹ jọ̀ọ́ ẹ bá mi fara dà á.

Aláṣọ òkè ni bàbá mi tó ti dolóògbé, ìdí òfì ni wọ́n ti tọ́ gbogbo wa nílùú Ìsẹ́yìn. Ẹni tó bá mọ ìdí òfì á mọ̀ pé rédíò kì í jìnnà síbẹ̀, torí ọwọ́ ń ṣiṣẹ́, ẹsẹ̀ ń ṣiṣẹ́, ojú ò gbọdọ̀ kúrò lára òwú, etí nìkan ló ráyè. Bàbá wá ra rédíò alákásẹ́ẹ̀tì ní 1981, látìgbà náà títí dé bíi 1990, ohunkóhun tó bá ti dùn mọ́ wọn lórí rédíò Ìbàdàn wọ́n á ti sáré tẹ bọ́tìnì, ìjálá o, rárà o, ewì o, sákárà, àwọn tó ń ki ìlú kan dé òmíràn, gbogbo ẹ̀ ni wọ́n ń gbà sílẹ̀. Nígbà míì gan-an wọn ò ní dúró de rédíò, tí ìnáwó bá wà nínú ẹbí wọ́n á gbé ẹ̀rọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn tó ń kọrin.

Oṣù tó kọjá la ṣí àpótí tó wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì wọn, kásẹ́ẹ̀tì 38 la bá níbẹ̀. Wọ́n fi báírò kọ nǹkan sára àwọn kan, "Ìjálá", "Rárà ọjọ́ Ìtùnú", "Ìyàwó 84", àwọn míì ò ní nǹkan kan lára. Méjì ti hu nǹkan funfun bí ìyẹ̀fun nínú. Mo fi ọ̀kan sínú ẹ̀rọ ọkọ̀ ẹ̀gbọ́n mi, ó han bí ilẹ̀kùn tí kò rí epo, mo sáré yọ ọ́, àyà mi ṣì ń já di bí mo ṣe ń kọ eléyìí. Èkejì dún dáadáa, ìjálá ni, ṣùgbọ́n lábẹ́ ohùn ẹni tó ń sun ìjálá yẹn ẹ ó máa gbọ́ òfì bàbá mi, kọ́, kọ́, kọ́, láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, wọ́n tiẹ̀ wúkọ́ lẹ́ẹ̀kan.

Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ní ká gbé e fún bọ̀ọ̀dá kan tó máa fi kọ̀ǹpútà yọ ariwo òfì kúrò, ká wá gbé gbogbo ẹ̀ sórí YouTube bóyá owó á tibẹ̀ wá. Màámi ní láéláé, àwọn ò ní gbé ohùn òkú síta fún ẹni tí àwọn ò mọ̀. Èmi wà láàárín. Ẹ jọ̀ọ́, báwo ni wọ́n ṣe ń tọ́jú nǹkan báyìí, ta ló tiẹ̀ ni ín, àbí ilé iṣẹ́ rédíò ti ní gbogbo ẹ̀ nípamọ́ tí à ń da ara wa láàmú lásán?

BàbáTéèpù:
Ọmọ mi, má ṣe fi ọ̀kankan sínú ẹ̀rọ ọkọ̀ mọ́, mo bẹ̀ ẹ́.

Jẹ́ kí n kọ́kọ́ dáhùn èyí tó o béèrè kẹ́yìn torí òun ló ká mi lára jù. Rárá, má fọkàn sí i pé rédíò ní i. Ọdún 26 ni mo lò nínú yàrá téèpù ní ilé iṣẹ́ rédíò kan, mi ò ní dárúkọ wọn. Téèpù ńlá tó ń yí lórí róòlù la ń lò, òkè òkun ló ti ń wá, nígbà tí náírà wá já wálẹ̀ láti 1986 tí owó téèpù kan di nǹkan tí ọ̀gá gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí lẹ́ẹ̀mẹ́ta, kí la ṣe? A ó mú ètò oṣù tó kọjá, a ó fi òòfà pa á rẹ́, a ó gba tuntun lé e lórí. Ọwọ́ mi yìí ni mo fi ṣe é. Ìyá àgbà kan wá láti abúlé, ó fi wákàtí kan gbáko ki oríkì tí mi ò gbọ́ irú ẹ̀ rí títí dòní, a gbé e sáfẹ́fẹ́ lẹ́ẹ̀kan, lẹ́yìn oṣù méjì mo pa á rẹ́ nítorí ìpolówó ọṣẹ. Ọdún díẹ̀ lẹ́yìn náà ọmọ rẹ̀ wá béèrè ẹ̀dà, ìyá ti kú. Mi ò lè wo ojú ọmọ yẹn. Nítorí náà kásẹ́ẹ̀tì tí bàbá rẹ gbà nídìí òfì, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ òun nìkan ṣoṣo ló kù láyé nínú ètò yẹn, mọ̀ ọ́n bẹ́ẹ̀.

Ó yá, iṣẹ́. Wo ẹ̀yìn kásẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan, ẹ̀gbẹ́ tó kọjú sí ibi tí téèpù ti yọ síta, wà á rí ike pẹlẹbẹ kékeré méjì, ọ̀kan lósì ọ̀kan lọ́tùn-ún. Kán méjèèjì. Tó bá ti kán, kò sọ́mọ tó máa ṣèèṣì tẹ bọ́tìnì gba nǹkan míì lé e lórí. Ìyẹn lòní, kó o tó jẹun alẹ́. Àwọn méjì tó ti bu yẹn, yà wọ́n sọ́tọ̀ nínú ọ̀rá, má ti ọ̀kankan bọ ẹ̀rọ, ẹ̀rọ yẹn ló máa kó o ran àwọn tó kù. Èyí tó ń han, yí i wọ́ọ́rọ́wọ́ lọ dé ìparí kó o tún yí i padà, pẹ́ńsùlù ló dáa jù, kó tú ara ẹ̀ sílẹ̀ kó tó kọrin. Tí èyíkéyìí bá jẹ́ C120, ìyẹn oníwákàtí méjì, fún un ní sùúrù tó lé kenkà torí téèpù inú ẹ̀ fẹ́lẹ́ gan-an, ó máa ń já.

Wá ẹ̀rọ kásẹ́ẹ̀tì inú ilé tó ṣì ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Fi òwú àti sípíríìtì tí wọ́n ń pè ní isopropyl nu orí ẹ̀ tó ń ka téèpù, ṣùgbọ́n òwú tó tutù díẹ̀ fún omi ni kó o fi nu róbà tó ń fa téèpù, nù wọ́n lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì méjì méjì. Fa waya láti ihò tí ohùn ti ń jáde lẹ́yìn ẹ̀rọ wọnú kọ̀ǹpútà, má gbé fóònù síwájú sípíkà o, gbogbo adìyẹ àdúgbò ló máa bá ọ kọ ọ́. Audacity, ètò kọ̀ǹpútà tó ń gba ohùn sílẹ̀, wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ọ̀fẹ́ ni. WAV, irú fáìlì tí kì í gé lára ohùn, ni kó o fi pamọ́, kó o yan 48 kHz àti 24-bit níbẹ̀. Má fi MP3 ṣe ìpamọ́ torí MP3 ti gé lára ohùn kó tó kéré, èyí tó o bá fẹ́ fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp lo lè sọ di MP3. Wákàtí kan á gba bíi gígábáìtì (GB) kan, gbogbo 38 yẹn ò lè kún hard drive kékeré kan. Ra méjì, kí ọ̀kan wà nílé rẹ, kí èkejì wà nílùú míì.

Orí òfì yẹn wàyí. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni yọ ọ́ kúrò! Bí ọ̀pá òfì ṣe ń dún kọ́ àti bí ẹnu ẹni tó ń sun ìjálá ṣe ń pe k, ibì kan náà ni wọ́n ń gbé nínú ohùn, tí kọ̀ǹpútà bá gé ọ̀kan á gé èkejì mọ́ ọn. Tí ẹ̀gbọ́n rẹ bá fẹ́ fọ̀ ọ́, ẹ̀dà ni kó fọ̀, kí ti ìpamọ́ wà bí Ọlọ́run ṣe dá a.

ÌyáÌbejì_Peckham:
Àbúrò, ẹ kú ìtọ́jú bàbá. Èmi ń ṣiṣẹ́ ní láíbìrì níbí, kì í ṣe ẹ̀ka orin, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ yìí wà lọ́kàn mi láti ọjọ́ pípẹ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ìtàn kan fún yín. Ọkùnrin aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà kan wà tó ń jẹ́ Lorenzo Dow Turner, onímọ̀ èdè ni. Ní 1940 sí 1941 ó gbé ẹ̀rọ lọ sí Bahia ní Brazil, ó lọ ń gba orin àti ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ òrìṣà sílẹ̀ sórí àwo. Lára àwọn tó gbà sílẹ̀ ni bàbá arúgbó kan tó ń jẹ́ Martiniano Eliseu do Bonfim. Brazil ni wọ́n bí Martiniano, ṣùgbọ́n bàbá ẹ̀ mú un wá sí Èkó ní 1875, ó lò tó ọdún 11, Èkó ló ti kọ́ Yorùbá dáadáa kó tó padà. 1943 ló kú. Ṣé ẹ rí i, tí Turner bá fi ọdún mẹ́ta péré pẹ́, ohùn yẹn ti bá ilẹ̀ lọ. Ohùn ẹni tó gbọ́ Yorùbá ní Èkó kí òyìnbó tó kó ilẹ̀ Yorùbá pọ̀ tán, ó ṣì wà láyé.

Ṣùgbọ́n ibo ló wà? Yunifásítì Indiana ní Amẹ́ríkà, níbi tí wọ́n kó orin ìbílẹ̀ ayé jọ sí. Wọ́n tọ́jú ẹ̀ dáadáa o, mi ò bá wọn jà. Ọ̀pọ̀ ọdún ló fi wà níbẹ̀ tí àwọn ọmọ ọmọ àwọn tó kọrin yẹn ní Bahia ò mọ̀ pé ó wà. Ìgbà tí àwọn olùwádìí gbé ẹ̀dà ẹ̀ padà dé àwọn ilé òrìṣà, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń dá ohùn ìyá wọn àti bàbá wọn mọ̀.

Torí ẹ̀ ni mo ṣe ń bẹ̀ yín, ẹ má kó kásẹ́ẹ̀tì yẹn fún ẹnikẹ́ni tó bá ní òun fẹ́ gbé e lọ òkè òkun, bó ti wù kó jẹ́ èèyàn dáadáa tó. Ẹ̀dà ni kẹ́ ẹ fún un. Láíbìrì Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní ètò kan, Endangered Archives Programme, láti 2004 ni wọ́n ti ń fún àwọn èèyàn lówó láti ya nǹkan tó fẹ́ bàjẹ́ sínú kọ̀ǹpútà, òfin wọn sì ni pé ojúlówó ò gbọdọ̀ kúrò lórílẹ̀-èdè tó ti wá. Àwọn ni wọ́n fún olùwádìí orin kan, Graeme Counsel, lówó láti ṣiṣẹ́ ní rédíò ìjọba Guinea ní Conakry. Wọ́n ti ju bọ́m̀bù lu ilé iṣẹ́ yẹn nígbà tí àwọn kan fẹ́ gbàjọba ní 1985, síbẹ̀ téèpù ṣì pọ̀ níbẹ̀, orin tó lé ní 9,000 ni wọ́n yọ jáde tí wọ́n gbé sórí íntánẹ́ẹ̀tì lọ́fẹ̀ẹ́. Nígbàkigbà tí mo bá ń gbọ́ ọ, ṣe ni mo máa ń ronú rédíò ilé wa, inú mi á bàjẹ́.

Nǹkan kan ṣoṣo tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ ṣe kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan ẹ̀rọ: ẹ ra ìwé ńlá kan. Nọ́ńbà fún kásẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan. Ta ló ń ké? Níbo? Ayẹyẹ kí ni? Ta ló ń gbè é? Ẹ gbé e lọ bá màámi àti àwọn àgbà ẹbí, ẹ jókòó tì wọ́n. Kásẹ́ẹ̀tì lè dúró ọdún mẹ́wàá sí i tí nǹkan ò ní ṣe é. Ẹni tó mọ ohùn inú ẹ̀ ńkọ́?

ỌmọÀyàn_Ọ̀yọ́:
Ẹ ṣeun ìyá. Ẹ ti fọwọ́ kan ibi tó ń dun èmi gan-an, ìyẹn ọ̀rọ̀ orúkọ.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ dàgbà ní Ìbàdàn, ẹ rántí ìlù tí rédíò fi ń jí wa láàárọ̀, gángan yẹn, tí àwa ọmọdé ń fẹnu túmọ̀ pé "bí Olúbàdàn bá kú, ta ni ó joyè?" Gbogbo ilé ló mọ ìlù yẹn, ọmọ kékeré ń fi ẹnu lù ú. Ẹ dá ẹnì kan dúró lónìí kẹ́ ẹ ní kó dárúkọ ẹni tó lù ú. Bàbá mi náà lu ìlù fún ilé iṣẹ́ rédíò kan, àmì ìdánimọ̀ ni, ọdún 14 ni wọ́n fi lò ó lójoojúmọ́, owó ọkọ̀ ni wọ́n fún wọn lọ́jọ́ náà, wọn ò kọ orúkọ wọn síbì kankan. Nígbà tí wọ́n pààrọ̀ ẹ̀ a lọ tọrọ ẹ̀dà, wọ́n ní kò sí. Àyàn tó bá lu ìlù á kọ́kọ́ júbà ẹni tó kọ́ ọ, á dárúkọ ẹ̀, bẹ́ẹ̀ la ṣe mọ ẹni tí iṣẹ́ ti ọwọ́ ẹ̀ wá. Rédíò gba ìlù, kò gba ìjúbà.

Kì í ṣe pé kò séèyàn gidi níbẹ̀ o. Fẹlá Ṣówándé ṣiṣẹ́ lẹ́ka orin ní NBC, ilé iṣẹ́ rédíò ìjọba àpapọ̀ ìgbà yẹn, Akin Euba náà ṣiṣẹ́ níbẹ̀ kó tó lọ kọ ìwé gbàǹgbà lórí ìlù dùndún tó jáde ní 1990. William Bascom, olùwádìí ará Amẹ́ríkà, ti gba ìlù wa sílẹ̀ ṣáájú, ilé iṣẹ́ àwo orin Folkways gbé e jáde ní 1953, ìgbìn, bàtá àti dùndún ló wà níbẹ̀, ẹ ṣì lè rà á lónìí. Ìyẹn ni mo fi mọ bí wọ́n ṣe ń lu àwọn nǹkan kan tí ọwọ́ tiwa ti sáré kọjá lórí ẹ̀. Mo jókòó tì í lálẹ́ ọjọ́ kan, mo gbé bàtá sórí ẹsẹ̀, mo dá a dúró, mo tún un lù, mo dá a dúró, títí ilẹ̀ fi mọ́.

Ọ̀rọ̀ màámi lẹ gbọ́dọ̀ fara balẹ̀ sí. Wọn ò ṣì sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ rán wọn létí pé àwa la ni egúngún, ará ọ̀run ń fohùn láàárín wa lọ́dọọdún, inú wa sì ń dùn. Ohùn òkú fúnra ẹ̀ kọ́ lẹ̀rù, ẹni tó máa gbọ́ ọ, ibi tó ti máa gbọ́ ọ, ìyẹn ni wọ́n ń bẹ̀rù. Nítorí náà ẹ pín kásẹ́ẹ̀tì yẹn. Èyí tí bàbá gbà lórí rédíò, gbogbo ayé ti gbọ́ ọ tẹ́lẹ̀. Orin ìnáwó ẹbí, ẹbí ni kó sọ. Ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ bá bá ìyẹ̀rẹ̀ Ifá tí wọ́n ń sun nínú ilé, tàbí nǹkan Orò, tàbí ohunkóhun tó bá jọ ọ̀rọ̀ awo, ẹ dá ẹ̀rọ dúró kẹ́ ẹ wá ẹni tó ni ín lọ. Òun lẹ máa fún, òun ló máa sọ bóyá kó jáde tàbí kó má jáde. Mo ti rí orin ojúbọ lábẹ́ ìpolówó bíà lórí fóònù, mi ò lè sọ bó ṣe rí lára mi.

Mo fẹ́ fi kún un pé kẹ́ ẹ má kàn tì í mọ́ inú hard drive. Ẹ gbé ẹ̀dà lọ fún àwọn rédíò tó ń sọ Yorùbá láàárọ̀ láálẹ́, Amúlùdùn ní Móníyà, Radio Lagos, àti àwọn tó sún mọ́ yín lÓkè-Ògùn, kí wọ́n lò ó lálẹ́ Sátidé nígbà tí àwọn àgbà jókòó. Kí atọ́kùn ètò dárúkọ ẹni tó ń ké, kó sì fi nọ́ńbà fóònù síta kí àwọn tó mọ̀ ọ́n pè wọlé.

Amòfin_Àkúrẹ́:
Ní kúkúrú torí mo wà lójú ọ̀nà. Kásẹ́ẹ̀tì jẹ́ tiyín, ohun tó wà nínú ẹ̀ lè má jẹ́ tiyín. Òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ti 2022 fún àwo orin ní ààbò ọdún 50 láti òpin ọdún tó kọ́kọ́ jáde, nítorí náà sákárà àti ewì tó ti àwo rẹ́kọ́ọ̀dù wá lórí rédíò, ẹ lè tọ́jú ẹ̀ nílé ṣùgbọ́n kí ẹ̀gbọ́n yín má gbé e sórí YouTube kó máa gbowó lé e. Ilé iṣẹ́ tó ṣe ètò náà ní ẹ̀tọ́ tiwọn. Òfin yẹn náà tún dáàbò bo orin ìbílẹ̀ fúnra ẹ̀ lọ́wọ́ ẹni tó bá fẹ́ fi ṣòwò. Èyí tí bàbá gbà nínú ẹbí, ẹ gba ìyọ̀ǹda lọ́wọ́ ẹni tó kọrin tàbí àwọn ọmọ ẹ̀, ẹ jẹ́ kí wọ́n fọwọ́ síwèé, ìlà mẹ́ta péré ti tó.

ỌmọÌsẹ́yìn:
Ẹ ṣé gan-an ẹ̀yin àgbà mi. Mo ti kán gbogbo ike yẹn, èmi àti àbúrò mi la jọ kán an, 76. Ẹ̀gbọ́n mi ka ọ̀rọ̀ amòfin, ó dákẹ́. Màámi ní kí n ka ọ̀rọ̀ ọmọ àyàn fún wọn lẹ́ẹ̀mejì. Mo máa padà wá sọ bó ṣe ń lọ.

ỌmọÌsẹ́yìn:
Ọ̀sẹ̀ márùn-ún rèé, ẹ má bínú pé mo pẹ́. Mo rí ẹ̀rọ kan rà ní Ìbàdàn, mo ti ya 11. Ọ̀kan dákẹ́ láàárín, mi ò tíì mọ ohun tó ṣe é, àwọn tó kù dún. Ìwé ńlá náà ti ń kún, màámi ló ń pè é fún mi, mo ń kọ ọ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti "Ìyàwó 84". Ẹkún ìyàwó ni, àbúrò bàbá mi obìnrin, alẹ́ tó ku ọ̀la kí wọ́n gbé e relé ọkọ. Bàbá gbé ẹ̀rọ sórí àpótí nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, ẹ ń gbọ́ bí àwọn ọ̀rẹ́ ìyàwó ṣe ń gbè é, ọmọdé kan ń sunkún, ẹnì kan ń sọ pé kí wọ́n gbé iná súnmọ́bí. Ó kí bàbá wọn, ó gbàre, ó kí àwọn ẹ̀gbọ́n, ó wá yíjú sí ìyá wọn, ìyẹn màámi àgbà, ó ní "ìyá mi", ó mí kanlẹ̀, kásẹ́ẹ̀tì bá parí. Kó! Ẹ̀gbẹ́ A nìyẹn. Mo sáré yí i sí ẹ̀gbẹ́ B, ìròyìn rédíò ni mo bá níbẹ̀.

Mo gbé e lọ fún àǹtí mi fúnra wọn, wọ́n wà nÍsẹ́yìn níbẹ̀, wọ́n ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Mi ò sọ nǹkan kan, mo kàn tẹ̀ ẹ́. Wọn ò dá ohùn ara wọn mọ̀ nígbà tó kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀, àwọn ọ̀rẹ́ wọn ni wọ́n kọ́kọ́ dá mọ̀, wọ́n ń dárúkọ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, "lágbájá rèé, ó ti kú, tàmẹ̀dò rèé, ó wà ní Ṣakí", mo ń kọ ọ́ sílẹ̀ kíákíá. Nígbà tó dé ibi tó parí sí, tí ilé dákẹ́, wọ́n tẹ́wọ́ pé kí n má sọ̀rọ̀. Wọ́n wá gbé e láti ibẹ̀, bí wọ́n ṣe jókòó sórí àga yẹn:

"Ìyá mi, ẹ má sunkún mọ́,
ọ̀nà tí mo fẹ́ rìn yìí, ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ rìn ín,
ẹ bá mi fi omi tútù tẹ́lẹ̀,
kílé ọkọ má gbóná mọ́ mi lẹ́sẹ̀."

Ó tó ìṣẹ́jú mẹ́rin. Màámi, tá a jọ lọ, ló gbè é. Dúpẹ́ pé fóònù mi ti ń gbà á, mo ti tàn án láti ìgbà tí wọ́n ti ń dárúkọ. Ẹ̀yìn ẹ̀ ni mo béèrè bóyá mo lè jẹ́ kí àwọn èèyàn gbọ́ ọ, wọ́n ní kí rédíò lò ó, ṣùgbọ́n kí wọ́n dárúkọ àwọn ọ̀rẹ́ wọn méjèèje, bí wọn ò bá ní dárúkọ wọn kí wọ́n má lò ó. Mo ti kọ orúkọ méjèèje sára fáìlì àti sínú ìwé, wọ́n sì ti fọwọ́ sí ìlà mẹ́ta tí amòfin sọ.

BàbáTéèpù, àwọn méjì tó ti bu yẹn ṣì wà nínú ọ̀rá. Lára ọ̀kan ni bàbá mi kọ "Ìyá" sí, kò sí nǹkan míì. Ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé ẹ ó wà nílé lópin ọ̀sẹ̀ yìí, kí n gbé e wá bá yín?

BàbáTéèpù:
Mo wà nílé. Má gbé e sórí dásíbọ́ọ̀dù ọkọ̀ o, oòrùn. Gbé e sórí ẹsẹ̀ rẹ.